Láti Boston dé Danville: ojú ọ̀nà 6–0 ti ọdún 1921

Ẹni tó bá fẹ́ kí ọ̀rọ̀ bí Centre College, kọ́lẹ́ẹ̀jì kékeré kan ní Danville, Kentucky, ṣe na yunifásítì Harvard nínú football Amẹ́ríkà (bọ́ọ̀lù tí wọ́n ń fọwọ́ gbé sá, tí wọ́n sì ń jù) ní October 29, 1921 yé òun yékéyéké, ìlú méjì ló yẹ kó dé: ibi tí wọ́n ti gbá bọ́ọ̀lù náà, àti ibi tí àwọn tó gbá a ti wá.

Boston ni kí ẹ ti bẹ̀rẹ̀. Ẹ wọ Red Line, ọkọ̀ ojú irin abẹ́lẹ̀, kí ẹ sọ̀ kalẹ̀ ní Harvard. Níbẹ̀ ni àlejò ti máa ń ṣìnà: wọ́n á máa wá pápá Harvard kiri inú ọgbà yunifásítì, bẹ́ẹ̀ òdìkejì odò Charles ló wà, ní Allston. Ẹ gba JFK Street, ẹ kọjá lórí afárá Anderson, ìrìn bí ìṣẹ́jú 15 ni. Kọnkéré ni pápá yẹn, ọdún 1903 ni wọ́n kọ́ ọ, ó sì tẹ̀ kọdọrọ bíi bàtà ẹṣin. Kọnkéré náà ni ìjókòó, nítorí náà ẹ mú tìmùtìmù dání. Ẹ má lọ nígbà òtútù, torí wọ́n máa ń fi ìbòrí ràgàjì bo ibi tí wọ́n ti ń gbá bọ́ọ̀lù. September sí November ló dáa.

Kọnkéré yìí gan-an ti dá sí òfin eré náà rí. Ní 1906, nígbà tí eré ń ṣe àwọn ọmọ léṣe, wọ́n ní kí wọ́n fẹ pápá lójú. Ti Harvard kò ṣeé fẹ̀, ìjókòó ti há a mọ́lẹ̀. Jíju bọ́ọ̀lù síwájú ni wọ́n wá fàyè gbà.

Ó ti pé ọdún mélòó kan tí ẹnikẹ́ni kò ti na Harvard. Ní January 1920, ó gba Rose Bowl, eré ńlá ọdọọdún kan, lọ́wọ́ yunifásítì Oregon, 7–6. Akẹ́kọ̀ọ́ Centre kò tó 300. Síbẹ̀, ìborí Centre kì í ṣe oríire lásán. Lọ́dún tó ṣáájú, Centre wá síbẹ̀ kan náà, 14–14 ni wọ́n fi lọ sinmi, kó tó di pé Harvard fi 31–14 nà wọ́n. Nígbà yẹn, ẹni tó ń gbógun náà ló ń dènà. Ẹni tí kò ní arọ́pò púpọ̀ á rẹ̀ bó bá yá. Lójú tiwa, ohun tí Centre nílò ni kó tètè rí àmì gbà lẹ́yìn ìsinmi, kó tó rẹ̀ ẹ́, kó wá ti ilẹ̀kùn pa.

Ohun tó ṣẹlẹ̀ nìyẹn. Wọ́n lọ sinmi ní 0–0. Bí wọ́n ṣe padà dé, Bo McMillin, quarterback Centre (ẹni tó ń darí ìgbógun), gbé bọ́ọ̀lù sá yáàdì 32 dé ilé. Ẹ lè fojú wọn eré yìí láti orí ìjókòó: ìlà máa ń wà ní yáàdì márùn-ún márùn-ún, ẹ ka mẹ́fà, kí ẹ fi yáàdì méjì lé e. Àmì 6 nìyẹn. Bọ́ọ̀lù tó yẹ kó fi ẹyọ kan kún un kò wọlé, wọ́n sì dènà títí eré fi parí.

Láti Boston, ẹ wọ bàlúù lọ sí Lexington, Kentucky, kí ẹ háyà mọ́tò. US 68 á gbé yín dé Harrodsburg, US 127 á sì gbé yín dé Danville. Nínú máàpù fóònù, ẹ kọ “Danville, KY 40422”. Danville mìíràn wà ní Virginia, òmíràn wà ní Illinois, ó sì rọrùn láti yà síbẹ̀. Aago Danville bá ti Boston mu.

Nígbà tí èsì dé ìlú yìí, wọ́n kùn ún sára gbogbo ohun tí ọ̀dà lè mú: C6H0. Ọ̀kan ṣì wà lára bíríkì ní ọgbà kọ́lẹ́ẹ̀jì. Ẹ bi akẹ́kọ̀ọ́ èyíkéyìí, wọ́n á fi hàn yín. C ni Centre, H ni Harvard. Ẹni tó bá ka kẹ́mísírì yóò kà á ní kábọ́ọ̀nù mẹ́fà, háídírójìn òfo, bẹ́ẹ̀ onímọ̀ kẹ́mísírì kì í kọ èròjà báyẹn.