Oṣù Mẹ́ta Tàbí Ọdún Mẹ́ta: Àwọn Ọmọ Jámánì Nílé Oníléè Lẹ́yìn Ogun

Iye àwọn ọmọ tí wọ́n kó kúrò ní Jámánì lọ sọ́dọ̀ àwọn ẹbí nílẹ̀ òkèèrè, kí wọ́n lè rí oúnjẹ jẹ lẹ́yìn Ogun Àgbáyé Kejì, ni gbogbo ènìyàn máa ń béèrè. Lójú tèmi, bí wọ́n ṣe pẹ́ tó lọ́hùn-ún ló ṣe pàtàkì jù.

Oṣù mẹ́ta ni Red Cross ti Switzerland yàn. Wọ́n á yẹ ọmọ wò fún ikọ́ ẹ̀gbẹ àti iná orí, wọ́n á so káàdì orúkọ mọ́ ọn lọ́rùn, ó di inú ọkọ̀ ojú irin. Oṣù mẹ́ta tó kí ọmọ tó rù kan eegun bọ́ sípò, kò sì tó kó gbàgbé èdè ìyá rẹ̀. Bó bá ti padà, ààyè ṣí fún ẹlòmíràn.

Ọ̀nà míì ni Írẹ́lándì gbà. Oṣù Keje ọdún 1946 ni àwọn ọmọ àkọ́kọ́ gúnlẹ̀ nínú ètò tí wọ́n pè ní Operation Shamrock. Àwọn ọmọ Jámánì ibẹ̀ lé ní 400, agbègbè Ruhr tí bọ́ǹbù fọ́ túútúú ni ọ̀pọ̀ wọn ti wá. Glencree ni wọ́n kọ́kọ́ kó wọn lọ, bárékè àtijọ́ kan láàárín àwọn òkè Wicklow. Àwọn sísítà Kátólíìkì bọ́ wọn níbẹ̀ títí ara wọn fi le, kí wọ́n tó pín wọn sílé àwọn ẹbí.

Àwọn kan lò tó ọdún mẹ́ta. Ibẹ̀ ni wàhálà wà. Ọmọ ọdún márùn-ún tí ẹnikẹ́ni kò bá sọ èdè Jámánì mọ́ kì í pẹ́ gbàgbé rẹ̀. Nígbà tó bá délé, ìyá á sọ̀rọ̀, ọmọ kò ní gbọ́. Àwọn tẹ̀gbọ́n-tàbúrò mìíràn tún wà tí wọ́n pín sílé ọ̀tọ̀ọ̀tọ̀, tí kò sí ẹni tí wọ́n lè jọ sọ èdè ilé. Mi ò dá àwọn tó gbà wọ́n lẹ́bi o! Ta ló máa fún ọmọ lóúnjẹ fún ọdún mẹ́ta tí kò ní fẹ́ràn rẹ̀? Nǹkan bí 50 nínú wọn ló jókòó sí Írẹ́lándì.

Ní 1948, Gúúsù Áfríkà gba ọmọ 83. Àwọn ẹbí Afrikaner, ìyẹn àwọn aláwọ̀ funfun tó ń sọ èdè Afrikaans níbẹ̀, gbà wọ́n ṣọmọ pátápátá, kò sí ọjọ́ ìpadàbọ̀ nínú ètò tiwọn.

Bí ó bá di dandan kí ọmọ pẹ́, àbúrò àti ẹ̀gbọ́n kò gbọdọ̀ pínyà, lẹ́tà ilé kò sì gbọdọ̀ dáwọ́ dúró.