Mo Gun Kẹ̀kẹ́ Yí Berlin Ká

Ẹni tó bá fẹ́ mọ Berlin, kẹ̀kẹ́ ni kó gùn. Bọ́ọ̀sì alájà méjì tí wọ́n fi ń gbé àlejò kiri á fi òrùlé àti ère hàn ọ́, ṣùgbọ́n ilẹ̀ẹ́lẹ̀ ni àwọn ará ibẹ̀ kọ ìtàn wọn sí: ara títì, ara òkúta tí à ń tẹ̀ kọjá, ẹnu ọ̀nà ilé onílé. Àtèyí tó wù wọ́n, àtèyí tó ń tì wọ́n lójú. Ẹni tó jókòó sókè bọ́ọ̀sì ò lè rí i kà. Ẹni tó ní òun á fẹsẹ̀ rìn ín, á ti rẹ̀ ẹ́ kó tó débi tọ́rọ̀ wà. Ìlú náà tún tẹ́jú pẹrẹsẹ. Èmi tí mo dàgbà sí ẹ̀bá òkè Mápó, tí mo mọ ohun tí kẹ̀kẹ́ ń fojú ẹni rí lórí gẹ̀rẹ́gẹ̀rẹ́, inú mi dùn sí ìyẹn ju ohunkóhun lọ.

Abẹ́ ilé gogoro tẹlifíṣọ̀n tó wà ní Alexanderplatz la ti pàdé. Ìjọba Jámánì ti ìlà-oòrùn, nígbà tí Jámánì ṣì pín sí méjì, ló kọ́ ọ, wọ́n ṣí i lọ́dún 1969, gíga rẹ̀ sì jẹ́ mítà 368, nítorí náà kò sẹ́ni tó lè ní òun ò rí ibi ìpàdé. Ọmọ àbúrò màámi, tó ń kàwé níbẹ̀, ló forúkọ wa sílẹ̀. Bó ṣe rí mi báyìí ló ní, "Ẹ̀gbọ́n, ẹ jọ̀ọ́, ẹ ká ẹsẹ̀ ṣòkòtò yín sókè o. Ṣéènì ò mọ àgbà."

Kẹ̀kẹ́ tí wọ́n fún mi wúwo, ó ga, bíréèkì kan ṣoṣo ló wà lọ́wọ́ rẹ̀. Èkejì ń bẹ nínú ẹsẹ̀: bí o bá ti wa pẹ́dà sẹ́yìn, táyà ẹ̀yìn á dúró gbọn-in. Nílé, nígbà tí a wà lọ́mọdé, wíwa pẹ́dà sẹ́yìn ni fàájì wa tí a bá ń sọ̀kalẹ̀, kó máa dún ṣẹ̀kẹ̀ṣẹ̀kẹ̀, kí àwọn ọmọbìnrin wo ẹ̀yìn. Ẹ má dán irú ẹ̀ wò ní Berlin o. Obìnrin ará Brazil kan tó wà láàárín wa dán an wò, díẹ̀ ló kù kó fi imú gbálẹ̀.

Afinimọ̀nà wa ń lọ sí ẹni àádọ́ta ọdún, apá ìlà-oòrùn Berlin ni wọ́n bí i sí. Ó kọ́kọ́ ka òfin fún wa. Kí á tò tẹ̀lé ara wa. Kí á na ọwọ́ kí á tó yà. Ojú ọ̀nà tí wọ́n kùn ní pupa, ti kẹ̀kẹ́ ni, ó ní iná tirẹ̀ tó ń dá a dúró, ẹni tó bá fẹsẹ̀ dúró sójú rẹ̀, gbogbo aago kẹ̀kẹ́ ìlú ló máa dún mọ́ ọn lórí. Ní ti àwọn tó ń fẹsẹ̀ rìn, ọkùnrin kékeré kan tó dé fìlà gbàǹgbà ló ń jó nínú iná tiwọn, pupa tàbí àwọ̀ ewé. Ìjọba ìlà-oòrùn ló bẹ̀rẹ̀ rẹ̀. Ìjọba yẹn ti kógbá sílé, ọkùnrin onífìlà ò lọ síbì kankan.

Ààfin ọba Prussia, ilẹ̀ ọba àtijọ́ tí Berlin jẹ́ olú ìlú rẹ̀, la kọ́kọ́ dúró sí, tàbí kí n ní ohun tó jọ ọ́. Bọ́ǹbù ogun ba ààfin gan-an jẹ́, ìjọba ìlà-oòrùn wó èyí tó kù lọ́dún 1950, wọ́n kọ́ ilé aṣòfin tiwọn síbẹ̀. Nígbà tí Jámánì tún di ọ̀kan, wọ́n wó ìyẹn náà, wọ́n wá kọ́ ààfin padà: ìta rẹ̀ jọ ti àtijọ́, inú rẹ̀ di ilé ìkóhun-ìṣẹ̀ǹbáyé-sí tí wọ́n ń pè ní Humboldt Forum. Ọkùnrin wa ń rẹ́rìn-ín bó ṣe ń sọ ọ́. Èmi ò lè rẹ́rìn-ín tó o. Inú ibẹ̀ ni wọ́n pàtẹ àwọn ère idẹ tí ọmọ ogun Gẹ̀ẹ́sì kó ní Benin lọ́dún 1897. Lọ́dún 2022, wọ́n fọwọ́ sí i pé ohun 512 láti Benin tó wà lọ́wọ́ ilé náà ti di ti Nàìjíríà. Wọ́n ti dá díẹ̀ padà, wọ́n ní kí àwọn yá díẹ̀ sí i lò.

Ọ̀rọ̀ Ifẹ̀ wá ńkọ́? Lọ́dún 1910, ọmọ Jámánì kan tó ń jẹ́ Leo Frobenius dé Ilé-Ifẹ̀, ó ń walẹ̀, ó ń ra ohun tí kò yẹ kó jẹ́ títà. Ó ti gba orí idẹ Olókun tán kí aṣojú ìjọba Gẹ̀ẹ́sì tó mú un dá a padà. Ẹ wò ó, àwọn tó kó Benin gbẹ lọ́dún 1897 ló wá ń ṣe ọlọ́pàá ní Ifẹ̀. Àwọn orí amọ̀ kan bá Frobenius lọ síbẹ̀síbẹ̀, wọ́n wà lọ́wọ́ àwọn ará Berlin dòní. Ohun tó dùn mí jù ni pé ọkùnrin náà wo iṣẹ́ ọwọ́ àwọn baba wa, ó ní àwọn Gíríìkì ìgbàanì tó tẹ̀dó sí etíkun wa ló ni ọgbọ́n yẹn. Mo sọ èyí fún àwọn tí a jọ dúró. Afinimọ̀nà wa gbọ́ ọ tán, ó ní òun á fi kún ọ̀rọ̀ òun láti ọjọ́ yẹn lọ. Bóyá ó ṣe bẹ́ẹ̀, Ọlọ́run ló mọ̀.

Ní Bebelplatz, gbọ̀ngàn ìta kan níwájú yunifásítì, ó ní kí á fi kẹ̀kẹ́ sílẹ̀ kí á wá nǹkan. A wá a tì. Nígbà tó yá la rí àwọn kan tí wọ́n tẹ orí wọn wolẹ̀ láàárín gbọ̀ngàn, a sún mọ́ wọn. Gíláàsì ni, ó wà láàárín òkúta ilẹ̀, kò tóbi. Bí o bá fọwọ́ ṣíji bò ó kí oòrùn má baà dán sí ọ lójú, wàá rí iyàrá funfun kan nísàlẹ̀ tí pákó ìkówèésí yí ká ògiri rẹ̀ mẹ́rẹ̀ẹ̀rin, kò sì sí ìwé kan lórí wọn. Ìwé 20,000 ló lè gba ibẹ̀. Ní alẹ́ ọjọ́ 10 oṣù Karùn-ún ọdún 1933, àwọn akẹ́kọ̀ọ́ tó gba ti Hitler dáná sun ìwé àwọn Júù àti ti àwọn tí ìjọba ò fẹ́ gbọ́ ohùn wọn, lójú ibẹ̀ gan-an. Akẹ́kọ̀ọ́ o! Ọmọ orílẹ̀-èdè Israel kan, Micha Ullman, ló ṣe iyàrá náà. Àbúrò mi tó ń kọjá níbẹ̀ lójoojúmọ́ lọ síléèwé ní òun ti ń tẹ̀ ẹ́ kọjá fún ìgbà pípẹ́ kí òun tó mọ̀ pé nǹkan kan wà lábẹ́ ẹsẹ̀ òun.

Lẹ́yìn ìyẹn a gba Anton-Wilhelm-Amo-Straße. Orúkọ tí òpópónà náà ń jẹ́ tẹ́lẹ̀ jẹ́ orúkọ tí wọ́n fi ń pe aláwọ̀ dúdú láyé àtijọ́, àwọn ènìyàn sì fi ọ̀pọ̀ ọdún jà kí wọ́n yí i padà. Ilé-ẹjọ́ wọ ọ̀rọ̀ náà kó tó ṣeé ṣe lọ́dún 2025. Axim, ní ilẹ̀ Gánà òde òní, ni wọ́n ti gbé Amo wá sí Jámánì ní kékeré. Ó kàwé, ó di olùkọ́ ìmọ̀ ọgbọ́n orí ní yunifásítì Halle àti Jena, ní nǹkan bí 300 ọdún sẹ́yìn. Bí a ṣe ń yà síbẹ̀, àbúrò mi na ọwọ́ sí àkọlé náà, ó ń kígbe "Bàbá Amo!" bí ẹni tó rí ará ilé.

Odi Berlin náà, tí ìjọba ìlà-oòrùn mọ kí àwọn ará ibẹ̀ má baà sá lọ sí ìwọ̀-oòrùn, púpọ̀ rẹ̀ ti lọ. Ohun tó kù ni ìlà òkúta onílà méjì tó gba àárín títì kọjá, pẹ̀lú irin tí wọ́n kọ ọdún 1961 sí 1989 sí. Mo dá kẹ̀kẹ́ dúró lórí rẹ̀, táyà iwájú wà ní ìwọ̀-oòrùn, tẹ̀yìn wà ní ìlà-oòrùn. Ó kéré tán, 140 ènìyàn ló kú nídìí odi yìí. Checkpoint Charlie, ẹnubodè àtijọ́ láàárín apá méjèèjì, ò tó ohun tí à ń dúró wò: ọjà ni, fìlà sójà àti fọ́tò. Afinimọ̀nà wa pàápàá ò sọ̀kalẹ̀ lórí kẹ̀kẹ́.

Ibi tí odi náà ṣì nàró, lẹ́gbẹ̀ẹ́ ibi tí olú ilé iṣẹ́ ọlọ́pàá inú ti Hitler wà rí, ló ti sọ tirẹ̀ fún wa. Ọmọ ọdún mọ́kànlá ni lálẹ́ ọjọ́ 9 oṣù Kọkànlá ọdún 1989. Ọ̀gá ìjọba ìlà-oòrùn kan, Günter Schabowski, ka ìwé kan fáwọn oníròyìn pé àwọn ará ìlú lè máa rìnrìn àjò sókè òkun. Wọ́n bi í pé láti ìgbà wo? Kò dá a lójú. Ó yẹ ìwé ọwọ́ rẹ̀ wò, ó ní lójú ti òun, ó ti bẹ̀rẹ̀ nísinsìnyí. Ẹgbẹẹgbẹ̀rún ènìyàn rọ́ lọ sí ẹnubodè. Màmá ọkùnrin wa gbé ẹ̀wù wọ̀ sórí aṣọ ìwọ̀sùn, ó fa òun àti ẹ̀gbọ́n rẹ̀ lọ́wọ́. Ohun tó jọ ọ́ lójú jù lódì kejì ni ọ̀gẹ̀dẹ̀ tó pọ̀ nínú ṣọ́ọ̀bù kan. Èmi tí ọ̀gẹ̀dẹ̀ ń jẹrà lẹ́yìnkùlé bàbá mi, mi ò mọ ohun tí mo lè sọ.

Ní Wilhelmstraße, a fẹ́ kọjá. Àbúrò mi ló ké sí i pé kó dúró ní nọ́ńbà 92. Ilé alájà púpọ̀ tí ìjọba ìlà-oòrùn kọ́ ló wà níbẹ̀, aṣọ wà lórí okùn ní báákónì, ẹnìkan ń din àlùbọ́sà. Pátákó kan ló dá dúró lẹ́bàá ọ̀nà. Ó ń sọ pé ilé Bismarck, olórí ìjọba Jámánì nígbà náà, wà níhìn-ín, níbi tí aṣojú ìjọba 14 ti jókòó láti ọjọ́ 15 oṣù Kọkànlá ọdún 1884 títí di ọjọ́ 26 oṣù Kejì ọdún 1885, tí wọ́n ń jíròrò ilẹ̀ Áfíríkà. Ọmọ Áfíríkà kan ò sí níbẹ̀. Ọba Zanzibar ní òun fẹ́ wá, wọn ò gbà fún un.

Ó máa ń yá àwọn ènìyàn lẹ́nu láti sọ pé wọ́n fi rúlà pín wa lórí tábìlì yẹn. Kò fi bẹ́ẹ̀ rí bẹ́ẹ̀. Òfin bí wọ́n ṣe máa pín in ni wọ́n ṣe: pé Odò Ọya àti odò Kóńgò ṣí sílẹ̀ fún ọkọ̀ wọn, pé ẹni tó bá gba etíkun gbọ́dọ̀ sọ fáwọn yòókù kó sì fi àṣẹ rẹ̀ múlẹ̀ níbẹ̀. Ìlà gan-an dé lẹ́yìn. Ọdún 1889 ni Gẹ̀ẹ́sì àti Faransé fẹnu kò lórí ọ̀dọ̀ tiwa, tí Kétu àti Ṣábẹ̀ẹ́ bọ́ sọ́wọ́ Faransé, tí Ìmẹ̀kọ, tí í ṣe ará Kétu kan náà, bọ́ sọ́wọ́ Gẹ̀ẹ́sì. Ìyá ìyá mi, ará Ìmẹ̀kọ ni. Bí ìnáwó bá dé ní Kétu, ojú asọ́bodè ló ní láti kọjá kó tó rí ẹbí.

Ohun tó wá ń bí mi nínú rèé. Ìrìn ìṣẹ́jú díẹ̀ sí ibẹ̀ ni òkúta kọnkéré 2,711 wà, pápá ńlá láàárín ìgboro, tí wọ́n fi ń rántí àwọn Júù tí wọ́n pa. Ó yẹ bẹ́ẹ̀, mo wọ àárín rẹ̀, ojú ọ̀nà ń lọ sílẹ̀, òkúta ń ga sí i títí mi ò fi rí àbúrò mi mọ́. Ní ẹnu ọ̀nà ilé káàkiri, idẹ kékeré wà nílẹ̀ tó ń sọ orúkọ ẹni tí wọ́n kó lọ láti ilé yẹn. Ibi tí Hitler ti pa ara rẹ̀, ibi ìgbọ́kọ̀sí lásán ni, wọ́n sì mọ̀ọ́mọ̀ ṣe é bẹ́ẹ̀ ni. Ìlú tó mọ bí a ṣe ń fi ilẹ̀ sọ̀rọ̀ tó báyìí, pátákó kan ló rí fún ọ̀rọ̀ odindi Áfíríkà? Mo bi afinimọ̀nà wa. Kò jiyàn. Ó ní kò sí nínú ojú ọ̀nà tí wọ́n fún òun, òun kàn máa ń kọjá ni.

Ẹnubodè Brandenburg lẹ́wà, èrò pọ̀. Napoleon kó ère ẹṣin orí rẹ̀ lọ sí Paris lọ́dún 1806, wọ́n gbà á padà lọ́dún 1814. Ọdún mẹ́jọ péré! Ibẹ̀ la ti túká. A jẹ sọ́séèjì tí wọ́n bu ọbẹ̀ tòmátì àti kọ́rì lé, oúnjẹ àmútọ̀runwá ìlú náà. Wọ́n ní ata wà nínú rẹ̀. Mi ò rí i.

A ṣì ní kẹ̀kẹ́ lọ́wọ́ títí ìrọ̀lẹ́, la bá wà á lọ sí Tempelhof. Pápákọ̀ òfuurufú ni tẹ́lẹ̀. Nígbà tí Rọ́ṣíà dí gbogbo ọ̀nà tó wọ ìwọ̀-oòrùn Berlin lọ́dún 1948, ibẹ̀ wà lára ibi tí ọkọ̀ òfuurufú ti ń já ìyẹ̀fun, èédú àti wàrà sílẹ̀ tọ̀sán-tòru. Wọ́n tì í lọ́dún 2008. Ìjọba fẹ́ kọ́lé sí apá kan rẹ̀, àwọn ará ìlú dìbò lọ́dún 2014 pé kó máa rí bó ṣe rí. Ojú ọ̀nà tí ọkọ̀ òfuurufú ń sá lé wá di ti ọlọ́mọ, ti onískéètì, ti ẹni tó ń ta káìtì, àti tiwa.

"Ẹ̀gbọ́n, ẹ jẹ́ ká sá a dé òpin."

Mo ní kó má fi mí ṣẹ̀sín. Ó ti lọ. Afẹ́fẹ́ ń fẹ́ bọ̀ tààrà láti iwájú, kẹ̀kẹ́ mi wúwo, àgbàlagbà obìnrin kan tó wọ kaba kọjá lára mi, kò tiẹ̀ mí gúlegúle. Nígbà tí mo fi débẹ̀, àbúrò mi ti jókòó sórí koríko láàárín ìdílé Tọ́kì kan tó ń yan ẹran, ó ti ń jẹ, ó sì ti ní kí wọ́n bu tèmi sílẹ̀. Ata wà nínú èyí.