Apá 12 tí wọn kì í tà

Ọjọ́ Àìkú, lálẹ́

Iná ò lọ, dátà sì ṣẹ́kù díẹ̀, ni mo bá tún jókòó ti àwọn eré akọni Jàpáàn àtijọ́ táwọn olólùfẹ́ wọn ń kó pamọ́ sórí íntánẹ́ẹ̀tì. Ultraseven ló kàn. Apá 49 ni ilé iṣẹ́ Tsuburaya ṣe láàárín 1967 sí 1968, àmọ́ 48 ni wọ́n ń tà. Téèyàn bá wo 11 tán, 13 ló máa bá.

Apá 12 jáde lóṣù Kejìlá 1967. Àwọn àjèjì kan wá láti ìràwọ̀ mìíràn. Ohun ìjà tí wọ́n dán wò nílé ara wọn ti ba ẹ̀jẹ̀ wọn jẹ́, ni wọ́n bá ń fi aago ọwọ́ fa ẹ̀jẹ̀ ọmọ aráyé. Ẹnikẹ́ni ò pariwo nígbà yẹn. Ọdún 1970 ni ìwé ìròyìn ọmọdé kan tẹ káàdì tí wọ́n fi pe àwọn àjèjì yìí lórúkọ tí wọ́n ń pe àwọn tí bọ́ǹbù Hiroshima àti Nagasaki pa lára. Ọ̀rọ̀ dójú ẹ̀. Àwọn tó la bọ́ǹbù já fárígá, Tsuburaya sì gbé apá náà kúrò nílẹ̀ títí dòní. Ẹ̀dà àdàkọ tó ń ti ọwọ́ olólùfẹ́ kan bọ́ sọ́wọ́ òmíràn ni ò jẹ́ kó pòórá.

Àwọn kan á ní kí la tún ń kó pamọ́, ṣebí Toei, iléeṣẹ́ Jàpáàn mìíràn tó ń ṣe irú eré yìí, fúnra ẹ̀ ti ń gbé eré ìgbà náà sórí YouTube? Òótọ́ ni, ó sì dùn mọ́ mi. Àmọ́ fíìmù tó mọ́ tónítóní ni ti Toei. Jaspion, eré Toei kan táwọn ọmọ Brazil mọ̀ láti 1988, ohùn Potogí ló ń sọ, ìpolówó ọjà sì ń já lù ú. Manchete, iléeṣẹ́ tẹlifíṣọ̀n tó gbé e, ti kógbá sílé lọ́dún 1999. Kásẹ́ẹ̀tì tí ẹnì kan gbà sílẹ̀ ní pálọ̀ rẹ̀ ló ṣì ní gbogbo ìyẹn. (Ẹ má fo ìpolówó o, àwọn gan-an ni mo fẹ́ràn jù.)

Hideaki Anno, òǹdarí fíìmù ará Jàpáàn, náà jẹ́ olólùfẹ́ irú eré yìí. Ó ti fi ara rẹ̀ ṣe Ultraman, akọni eré Tsuburaya mìíràn, nínú fíìmù àwọn akẹ́kọ̀ọ́ kó tó di òǹdarí ńlá. Nígbà tó yá, òun náà ló ṣáájú ẹgbẹ́ tó ń tọ́jú àwọn ilé àti ọkọ̀ kéékèèké tí wọ́n fi ya irú eré báyìí. Ní 2020, ibi ìkópamọ́ kan ṣí ní Sukagawa, ìlú tí wọ́n bí Tsuburaya Eiji, ẹni tó dá iléeṣẹ́ Tsuburaya sílẹ̀, sí.

Mo ṣì ń ro ti apá 12. Mi ò lè bá àwọn tí bọ́ǹbù jó wí. Síbẹ̀, bí fíìmù náà bá parẹ́, káàdì yẹn nìkan ló máa kù láti ròyìn rẹ̀, bẹ́ẹ̀ káàdì yẹn gan-an ló dá wàhálà sílẹ̀. Àwọn tó ń fi "èèwọ̀! èèwọ̀!" polówó rẹ̀ kí èèyàn lè tẹ̀ ẹ́ ló ń bí mi nínú. Bó bá jẹ́ ọwọ́ mi ló wà, ohun tí àwọn tó fárígá sọ ni n óò kọ́kọ́ gbé síwájú ẹni tó bá fẹ́ wò ó.