Ìyá Elépo àti Ojú Irin

Sátidé. Epo pupa ni mo lọ rà lẹ́bàá téṣàn rélùwéè wa níbí l'Óṣogbo, ọ̀rọ̀ epo bá di ọ̀rọ̀ ọkọ̀. Mo bi ìyá tó ń tà á bóyá wọ́n bá ọkọ̀ ojú irin láyé nígbà tó ń rìn dáadáa. Wọ́n rẹ́rìn-ín.

"Ọmọ mi, mọ́ínmọ́ín ni mo ń tà fún àwọn èrò inú ẹ̀ nígbà yẹn. Ojú fèrèsé la ti ń nájà. Tí ọkọ̀ bá fọn fèrè tí o ò tíì gbowó, ó parí nìyẹn."

Wọ́n ní àwọn náà ṣì jẹ ọkùnrin kan ní ṣéńjì títí dòní.

Ọdún 1896 ni wọ́n bẹ̀rẹ̀ sí í tẹ́ irin láti Ìdó l'Ékòó. Nígbà tó fi máa di 1901, ọkọ̀ ti ń dé Ìbàdàn. Ó wọ Òṣogbo ní 1907, kó tó kọjá lọ sí Ìlọrin ní 1908 àti Jẹ́bà ní 1909. Àárín ìgbà tó parí sí ọ̀dọ̀ wa yẹn kò pẹ́ rárá, àmọ́ ó tó. Ibi tí ọkọ̀ bá parí sí, ibẹ̀ lọjà ń wọ́ sí. Ẹni tó bá ní kòkó tàbí ekuro láti apá Iléṣà, Òṣogbo ló ń kó o wá. Àwọn oníṣòwò Ìjẹ̀ṣà, àwọn òṣómàáló, náà ń gbé aṣọ láti ibí lọ tà káàkiri. Àwọn Hausa àti oríṣiríṣi ẹ̀yà mìíràn bá ọkọ̀ dé, wọ́n sì di ọmọ ìlú. Ẹni tó bá fẹ́ mọ ìdí tí ìlú yìí fi tò bó ṣe tò, kó tọ ipa irin lẹ́sẹ̀.

Èyí tó máa ń ṣe mí láàánú jù ni ti àwọn téṣàn kéékèèké, irú ti Ìkìrun àti Òkukù. Kò sí ìlú ńlá kankan ní àwọn ibòmíì tí ọkọ̀ ti ń dúró, kí ló dé tí wọ́n fi kọ́ téṣàn síbẹ̀? Ẹ́ńjìnnì ayé ìjọ́un ń jẹ èédú, ó sì ń mu omi, kò lè rìn jìnnà kó má dúró pọnmi. Ojú irin ò tún ju ẹyọ kan lọ. Ọkọ̀ tó ń lọ àti èyí tó ń bọ̀ ò lè pàdé lójú kan náà, àfi kí ọ̀kan yà sí téṣàn, kó dúró de èkejì. Inú ìdúró yẹn ni àwọn tó ń ta àkàrà àti ẹ̀kọ ti ń rí owó. Nígbà tí ẹ́ńjìnnì oní-dísù dé tí kò bèèrè omi mọ́, ìdí kan ti kúrò. Lọ́rì wá gba ẹrù, títì Èkó sí Ìbàdàn tí wọ́n ṣí ní 1978 sì gba èrò. Gbogbo ènìyàn ló máa ń dá ìjọba lẹ́bi, ìjọba sì jẹ̀bi lóòótọ́, àmọ́ àwa náà la sá tẹ̀lé bọ́ọ̀sì.

Ìjọba Arẹ́gbẹ́ṣọlá, tó jẹ́ gómìnà Ọ̀ṣun nígbà kan, gbìyànjú, wọ́n fi ọkọ̀ ojú irin ọ̀fẹ́ gbé èrò láti Èkó wá sílé ọdún. Inú ọkọ̀ a kún dẹ́nu, àmọ́ tí ọdún bá ti lọ, ibẹ̀ tún dá. Ọkọ̀ ojú irin tuntun láti Èkó tó wá dé ní 2021, Mọ́níyà n'Íbàdàn ló dúró sí. Kódà tó bá fẹ́ wá bá wa, irin wa ò lè gbà á: ìbú àárín irin méjèèjì tirẹ̀ jẹ́ mílímítà 1,435, tiwa ò ju 1,067 lọ. Àfi kí wọ́n tẹ́ tuntun.

Mo sọ èyí fún ìyá elépo. Wọ́n wo ojú irin, wọ́n wo agbada epo wọn.

"Kí wọ́n tẹ́ ẹ," ni wọ́n wí. "Ṣùgbọ́n kí wọ́n kọ́kọ́ wá kí mi o, èmi ni wọ́n bá níbẹ̀. Ìgò mélòó lo ní o fẹ́?"