Samuel Lewis, lọ́yà ọmọ Ẹ̀gbá tó di méyọ̀ Freetown

Níbí ní Òṣogbo, alága káńsù la mọ̀. Ìjọba ìbílẹ̀ méjì ló pín ìlú kan ṣoṣo, Òṣogbo àti Ọlọ́rundá, kò sì sí méyọ̀ nínú méjèèjì. Ṣùgbọ́n ọmọ Yorùbá ti jókòó sórí àga méyọ̀ ní Freetown, olú ìlú Sàró (Sierra Leone), láti 1895. A kì í sábà dárúkọ rẹ̀, bóyá torí pé ọ̀hún ni wọ́n bí i sí.

Ọjọ́ 13 oṣù Kọkànlá 1843 ni wọ́n bí Samuel Lewis. Ẹ̀gbá ni àwọn òbí rẹ̀, wọ́n wà lára àwọn tí ọkọ̀ ojú omi Gẹ̀ẹ́sì gbà lọ́wọ́ olówò ẹrú, tí wọ́n sọ̀ kalẹ̀ sí Freetown. Bàbá rẹ̀ di oníṣòwò, ọmọ sì gba London lọ kọ́ iṣẹ́ òfin ní Middle Temple, ọ̀kan lára àwọn ẹgbẹ́ lọ́yà ibẹ̀. Bí wọ́n ṣe ń di lọ́yà nígbà náà yani lẹ́nu. Sáà méjìlá lèèyàn gbọ́dọ̀ lò, mẹ́rin lọ́dún, oúnjẹ alẹ́ tí ó bá jẹ ní gbọ̀ngàn ẹgbẹ́ ni wọ́n sì fi ń mọ̀ pé ó wá. Àfi ní 1872 kí ìdánwò tó di dandan! Lewis ti gba ìwé tirẹ̀ ní 1871, ṣùgbọ́n kì í ṣe oúnjẹ nìkan ló jẹ: ó kàwé ní University College pẹ̀lú.

Ní London, lọ́yà tó ń rojọ́ níwájú adájọ́ yàtọ̀ sí èyí tó ń kọ ìwé ilẹ̀. Ní etíkun wa níhìn-ín, ẹnì kan náà ló ń ṣe méjèèjì, bó ṣe rí ní Nàìjíríà títí dòní. Ohun tó sọ Lewis di alágbára nìyẹn. Ìwé ilẹ̀, ìwé ìhágún, gbèsè oníṣòwò, ẹjọ́ kóòtù, gbogbo rẹ̀ ló ń gba ọwọ́ lọ́yà kọjá, lọ́yà tó sì já fáfá á mọ ẹni tó ni ilé wo nígboro. Ó ṣe adelé adájọ́ àgbà rí, ó sì wọ ìgbìmọ̀ aṣòfin ní 1882.

Òfin káńsù ìlú Freetown jáde ní 1893, àmọ́ ọdún 1895 ni káńsù náà tó bẹ̀rẹ̀ iṣẹ́. Owó ilé ló dá a dúró. Ẹni tó bá fẹ́ káńsù á san owó lórí ilé rẹ̀, àwọn ará ìlú sì fura pé ìjọba fẹ́ gbé ẹrù ara rẹ̀ lé wọn lórí. (Ẹni tó bá ti gbọ́ ariwo tẹ́nẹ́mẹ́ẹ̀tì rí á mọ̀ bí ó ṣe máa ń rí.) Lewis ni wọ́n fi ṣe méyọ̀. Ní 1896, ó di ọmọ Ìwọ̀ Oòrùn Áfíríkà àkọ́kọ́ tí Gẹ̀ẹ́sì fi oyè Sir dá lọ́lá.

Kò pẹ́ tí Gómìnà Cardew fi gbé owó orí ahéré dé ìgbèríko, ṣílè márùn-ún lórí ilé lọ́dọọdún. Owó yìí ló fa ogun tí Bai Bureh, olóyè kan ní ìgbèríko, bá Gẹ̀ẹ́sì jà ní 1898. Lewis ta ko owó náà, inú gómìnà kò sì dùn sí i. Lójú tèmi, kò tako ara rẹ̀: àwọn tó ń san owó ilé nígboro ń dìbò yan káńsù, àwọn ti ìgbèríko kò ní ẹni tó ń ṣojú wọn.

Oko ló gba owó rẹ̀. Ó dá a sílẹ̀ ní Christineville, nítòsí Waterloo, kí àwọn oníṣòwò Freetown lè rí i pé iṣẹ́ àgbẹ̀ ń mówó wọlé. Kò mówó wọlé. Owó tó ń pa ní kóòtù ló ń rọ́ síbẹ̀. London ló kú sí ní ọjọ́ 9 oṣù Keje 1903.