Píríńtà rìsíìtì ò tẹ̀wé? Ẹ fi driver sílẹ̀ ná

Gbogbo ẹni tó bá pè mí wá sí ṣọ́ọ̀bù ẹ̀ torí píríńtà rìsíìtì, nǹkan kan náà ni wọ́n máa ń wí: driver ẹ̀, ìyẹn sọ́fúwíà kékeré tí kọ̀ǹpútà fi ń bá píríńtà sọ̀rọ̀, ò ṣiṣẹ́. Lójú tèmi o, ẹjọ́ driver kì í pọ̀ nínú ẹ̀. Pọ́ọ̀tù, ìyẹn ọ̀nà tí kọ̀ǹpútà ń gbà ránṣẹ́ sí píríńtà, ló máa ń jẹ́, àbí sáìsì pépà, àbí kó jẹ́ Windows ló ti fọwọ́ ara ẹ̀ yan píríńtà míì. Wọ́n á wá máa yọ driver, wọ́n á tún fi í sí, wọ́n á tún yọ ọ́, kọ́sítọ́mà á sì dúró síbẹ̀ tòun ti búrẹ́dì lọ́wọ́.

Èmi kì í fọwọ́ kan kọ̀ǹpútà tí mi ò bá tíì rí bébà self-test, èyí tí píríńtà fi ń dán ara ẹ̀ wò. Ẹ ki róòlù sí i, ẹ de ọmọrí ẹ̀ dáadáa, ẹ pa á, ẹ wá tẹ bọ́tìnnì FEED mọ́lẹ̀ kẹ́ ẹ tó tàn án padà, ẹ má tètè yọwọ́. Fúnra ẹ̀ ló máa tẹ bébà kan jáde, kò nílò kọ̀ǹpútà, kò nílò driver. Tó bá ti lè tẹ ìyẹn, ara píríńtà yá nìyẹn, ẹ lọ wá ẹjọ́ nínú kọ̀ǹpútà. Tó bá jẹ́ bébà funfun báláú ló ń tì jáde, ó ṣeé ṣe kó jẹ́ ẹ̀yìn róòlù lẹ kọ sí i. Píríńtà yìí ò lo íńkì, ooru ló fi ń kọ̀wé, ojú kan ṣoṣo ni wọ́n sì fi kẹ́míkà sí lára pépà náà, ẹ fi èékánná ha á, ojú tó bá dúdú ló yẹ kó kọjú sí ibi tó ti ń tẹ̀wé. Rìsíìtì tẹ́ ẹ bá gbàgbé síwájú ọkọ̀ nínú oòrùn tó wá dúdú, ooru yẹn náà ni.

Driver fúnra ẹ̀ wá ńkọ́? SííDíì kékeré kan máa ń wà nínú páálí, ṣùgbọ́n láptọ́ọ̀pù wo ló tún ń jẹ SííDíì láyé ìsìnyí. Ẹ lọ sí wẹ́bùsáìtì iléeṣẹ́ tó ṣe píríńtà náà, Epson ni o, Xprinter ni o, ẹ má lọ gbé e ní àwọn ojúlé tó ń kó driver gbogbo ayé jọ yẹn, fáírọ́ọ̀sì pọ̀ níbẹ̀. Tí píríńtà yín ò bá tiẹ̀ lórúkọ gidi, ẹ má fòyà, èyí tó pọ̀ jù nínú wọn ló gbọ́ ESC/POS, ìyẹn èdè tí Epson dá sílẹ̀ fún irú píríńtà báyìí, torí náà driver 80mm (ìbú pépà ni 80mm yẹn) ti iléeṣẹ́ míì sábà máa ń bá a ṣe, tí pépà tiyín náà bá jẹ́ 80mm.

Tẹ́ ẹ bá ń fi driver sí i, ó máa bi yín léèrè pọ́ọ̀tù, ibẹ̀ sì ni ọ̀pọ̀ ti máa ń ṣìnà. Tó bá jẹ́ wáyà USB lẹ fi so ó, USB001 tàbí USB002 ló yẹ kẹ́ ẹ yàn, kì í ṣe LPT1, ti wáyà píríńtà ayé àtijọ́ nìyẹn. Ohun tí ò hàn sí ọ̀pọ̀ èèyàn ni pé tí ọmọ tó ń gbálẹ̀ bá yọ wáyà láàárọ̀ tó wá ki í bọ ihò míì, Windows lè sọ ọ́ di píríńtà tuntun, á kọ Copy 1 sí i lára, ti àtijọ́ á wá ṣá lójú, á ní òun ti Offline, bẹ́ẹ̀ òun ni sọ́fúwíà yín ṣì ń ránṣẹ́ sí. Ẹ lọ sí Devices and Printers, ẹ tẹ bọ́tìnnì ọ̀tún lórí píríńtà yẹn, ẹ mú Printer properties (kì í ṣe Printing preferences o), ẹ wọ Ports, ẹ mú USB tó tọ́, ẹ tẹ Apply, ẹ padà sí General, ẹ tẹ Print Test Page. Ó tán. Lẹ́yìn ìyẹn, ẹ lọ sí Printers & scanners nínú Settings, ẹ pa ibi tí Windows ti kọ ọ́ pé òun láá máa yan default printer (píríńtà tí iṣẹ́ máa ń kọ́kọ́ lọ sí) fún yín, ẹ fọwọ́ ara yín yan tiyín.

Sáìsì pépà: róòlù 80mm, 72mm ló lè tẹ̀wé sí nínú ẹ̀, ìyẹn lẹ́tà 48 lórí ìlà kan, 58mm ń tẹ 48mm, lẹ́tà 32. Tí sọ́fúwíà bá rò pé 80 ni, tí píríńtà sì jẹ́ 58, owó ọjà tó wà lápá ọ̀tún ló máa gé dànù, ìyẹn gan-an sì ni kọ́sítọ́mà fẹ́ rí. Tẹ́ ẹ bá wá fi A4 sílẹ̀ nínú sẹ́tíìn driver, àwọn lẹ́tà á kéré bí èèrà.

Èyí tó máa ń dùn mí jù ni àmì ₦. Ọ̀pọ̀ píríńtà yìí ni kò ní i lára lẹ́tà tí wọ́n kó sínú ẹ̀, torí náà tí sọ́fúwíà bá fi ọ̀rọ̀ ránṣẹ́ ní tààràtà, àmì ìbéèrè ló máa jáde, ẹ ó wá rí "?2,500" bíi pé ẹni tó ń tajà gan-an ò mọ iye tó ń tà á. Lẹ́tà ẹ, ọ àti ṣ náà, bákan náà. Ìyá kan ní Ìbàdàn fẹ́ kí wọ́n kọ "Ẹ ṣeun, ẹ padà wá" sísàlẹ̀ rìsíìtì, "? ?eun" ló jáde, ó ní ta ni mò ń bú. Ọ̀nà àbáyọ ni kí sọ́fúwíà gba inú driver Windows tẹ̀wé, pẹ̀lú fọ́ǹtì tó ní àmì yẹn, irú Segoe UI, torí àwòrán ni driver máa sọ ọ́ dà kó tó fi ránṣẹ́. Ó máa ń falẹ̀ díẹ̀ o. Tí sọ́fúwíà yín ò bá gbà bẹ́ẹ̀, ẹ ya ọ̀rọ̀ ìdúpẹ́ yẹn sí àwòrán, ẹ gbé e sí ipò lógò, kẹ́ ẹ sì máa kọ NGN síwájú owó.

Súpámákẹ́ẹ̀tì tó ní káṣíà bíi mẹ́ta, ẹ ra èyí tó ń lo wáyà nẹ́tíwọ́ọ̀kì. Pọ́ọ̀tù 9100 ló máa ń lò, àdírẹ́ẹ̀sì IP ẹ̀, ìyẹn nọ́ńbà tí wọ́n fi ń dá a mọ̀ lórí nẹ́tíwọ́ọ̀kì, wà lórí bébà self-test. Ti Xprinter sábà máa ń jẹ́ 192.168.123.100 láti iléeṣẹ́, nọ́ńbà router yín (ẹ̀rọ tó ń pín nẹ́tíwọ́ọ̀kì) sì lè bẹ̀rẹ̀ pẹ̀lú 192.168.1, wọn ò lè ríra wọn, ẹ yí ti píríńtà padà kó bá ti router mu. Kẹ́ ẹ sì rí i pé àdírẹ́ẹ̀sì náà ò ní máa yí, torí tí NEPA bá mú iná lọ, tí router bá tàn padà, ó lè fún un ní nọ́ńbà míì, gbogbo káṣíà á wá máa pariwo.

Ti Bluetooth, tẹ́ ẹ máa ń so mọ́ fóònù, 0000 tàbí 1234 ni nọ́ńbà PIN tí fóònù máa bi yín sábà máa ń jẹ́. Fún ẹni tó ń gbé ọjà kiri, ó dáa. Ṣọ́ọ̀bù tó ń tà wìtìwìtì, ẹ ra oníwáyà jàre.