Kùrukùru ò ká lónìí: ẹyẹ aláyà-epo tó ń gbé abẹ́ igbó òkè

Kùrukùru ò ká títí aago mẹ́wàá òwúrọ̀ fi lù, nítorí náà àwọ̀n tá a fi ń mú ẹyẹ láti fi òrùka sí i lẹ́sẹ̀ ò ṣeé ta. Lórí òkè tó ga tó 1,500 mítà bí èyí, ẹyẹ tó bá tutù nínú àwọ̀n, òtútù lè pa á kí ọwọ́ tó kàn án. Ọjọ́ ìwé lọjọ́ òní.

Ará Ìbàdàn mọ ìbátan ẹyẹ aláyà-epo tá à ń wá yìí dáadáa, àní bí wọn ò tiẹ̀ mọ̀ pé àwọ́n mọ̀ ọ́n: ẹyẹ orí funfun, àyà pupa, tó máa ń sín ẹyẹ mìíràn jẹ nínú ọgbà láfẹ̀mọ́júmọ́. Cossypha niveicapilla nìyẹn. Ti òkè kì í sọ̀ kalẹ̀ dé ọ̀dọ̀ wọn. Ní gbogbo ayé, àfi òkè ìlà-oòrùn Nàìjíríà àti ti ìwọ̀-oòrùn Kamẹrúùnù: Obudu, igbó Ngel Nyaki lórí òkè Mambilla, òkè Gotel, títí dé òkè Kamẹrúùnù fúnra rẹ̀.

Oreocossypha isabellae ni wọ́n ń pè é nísinsìnyí. Cossypha isabellae ló wà nínú ìwé àtijọ́. Isabel yìí ni ìyàwó Richard Burton, aṣojú ìjọba Gẹ̀ẹ́sì ní erékùṣù Fernando Po, ẹni tó dé Abẹ́òkúta ní 1861 kó tó gun òkè Kamẹrúùnù. G. R. Gray, onímọ̀ ẹyẹ, ló sọ ẹyẹ náà lórúkọ ní 1862. Lọ́dún kan náà, ó fi orúkọ Burton sọ ẹyẹ òkè mìíràn, Crithagra burtoni, ẹlẹ́nu kíki tó ń jẹ hóró èso. Ìyàwó gba arẹwà, ọkọ gba èyí tó rí ráúràú. Ó tọ́ bẹ́ẹ̀.

Gígùn rẹ̀ ò ju nǹkan bíi sẹ̀ǹtímítà 15 lọ. Ẹ̀yìn rẹ̀ dúdú bí ilẹ̀ tí òjò ṣẹ̀ṣẹ̀ pa, ojú rẹ̀ dúdú kirimú, ìlà funfun kan sì gba òkè ojú náà kọjá bí ẹni fi ẹfun fà á. Láti ọ̀fun dé ikùn, ó pọ́n bí epo pupa. Ìrù náà pọ́n bẹ́ẹ̀, àfi ìyẹ́ àárín tó dúdú. Ọ̀pọ̀ ìgbà, ìrù yẹn nìkan lẹ máa rí, tó tàn yànràn lẹ́ẹ̀kan, tó sì wọgbó. Ọmọ rẹ̀ kì í rí bẹ́ẹ̀ rárá: tótòtó ló wà ní gbogbo ara.

Kòkòrò ni oúnjẹ rẹ̀, ilẹ̀ àti ẹ̀ka ìsàlẹ̀ ló sì ti ń ṣa wọ́n. Ẹni tó bá ń wá ẹyẹ abẹ́ igbó, kó má gbójú sókè. Kó wá ìjàlọ. Bí ẹ bá gbọ́ tí igbó dákẹ́, tí ẹyẹ oríṣiríṣi wá ń pariwo lójú kan nílẹ̀, ìjàlọ ló ń kọjá. Aáyán, alántakùn àti ìrẹ̀ tó sá pamọ́ sábẹ́ ewé á tú síta, àwọn ẹyẹ á sì máa he wọ́n létí ọ̀wọ́ náà. Wọn kì í tìtorí ìjàlọ gan-an wá o. Ẹ dúró ní bíi mítà mẹ́wàá, ẹ ki ẹsẹ̀ ṣòkòtò bọ inú ìbọ̀sẹ̀, kẹ́ ẹ sì dákẹ́.

Ní ti àwọ̀n, èyí tó gùn ní mítà 12, tó ní àpò mẹ́rin láti òkè dé ìsàlẹ̀, tí ojú rẹ̀ jẹ́ mìlímítà 16, ló bá ẹyẹ báyìí mu. Àṣìṣe tó wọ́pọ̀ ni kéèyàn ta á sójú ọ̀nà gbalasa nítorí pé ibẹ̀ rọrùn. Ẹyẹ abẹ́ igbó kì í fẹ́ la ìmọ́lẹ̀ kọjá. Okùn ìsàlẹ̀ ló le jù. Bó bá ga dé orúnkún, ẹyẹ á gba abẹ́ rẹ̀ lọ. Bó bá sún mọ́lẹ̀ jù, àpò ìsàlẹ̀ á rọ̀ kan ewé bí ẹyẹ bá wọ̀ ọ́, ìjàlọ á sì bá a níbẹ̀; eegun àti ìyẹ́ lẹ máa bá. Ẹ fi ọwọ́ tẹ àpò náà sílẹ̀ bí ẹni pé ẹyẹ wà nínú rẹ̀: ó yẹ kí bíi sẹ̀ǹtímítà 20 ṣì kù sílẹ̀. Ẹ máa yẹ̀ ẹ́ wò ní ìṣẹ́jú ogún-ogún. Bí òjò bá ṣú, ẹ ká a.

Láti tú u, ẹ kọ́kọ́ wá ibi tó gbà wọlé. Ẹsẹ̀ la ń tú ṣáájú, lẹ́yìn náà apá, orí gbẹ̀yìn. Kí ọrùn wà láàárín ìka ìlábẹ̀ àti ìka àárín, kí àtẹ́lẹwọ́ gba ẹ̀yìn rẹ̀, ẹ má sì fún àyà: àyà yẹn ló ń gbé sókè-sódò kó tó lè mí, ẹyẹ lè kú sọ́wọ́ yín láìké. Ẹ rọra fẹ́ atẹ́gùn sí ikùn. Bó bá pá, tí iṣan ẹ̀jẹ̀ hàn níbẹ̀, ó ń sàba. Ẹ dá a sílẹ̀ kíákíá níbi tẹ́ ẹ ti mú un. Òrùka ẹsẹ̀ tá a fi ń dá ẹyẹ mọ̀ gbọ́dọ̀ máa yí fàlàlà, ṣùgbọ́n kó má lè kọjá oríkèé. Ẹ gbé e sórí ilẹ̀ bẹ́ ẹ bá parí, ẹ má jù ú sókè.

Ohun tó ń dunni jù ní Ngel Nyaki ni pé igbó dídì náà ò ju nǹkan bíi kìlómítà onígun mẹ́rin méje lọ, iná ẹ̀ẹ̀rùn sì ń jẹ etí rẹ̀ lọ́dọọdún. Màlúù tún ń wọ abẹ́ rẹ̀. Igi ńlá á ṣì dúró, ẹni tó wò ó lókèèrè á ní igbó wà. Àmọ́ bẹ́ ẹ bá wọ ibi tí wọ́n ti tẹ̀ mọ́lẹ̀ pẹ́, ilẹ̀ ti le gbandi bí àgbàlá tí wọ́n gbá, kò séwé gbígbẹ, kò sí kòkòrò. Ẹyẹ yìí ti lọ ṣáájú igi.

Bí àfonífojì bá hàn láti ẹnu àgọ́ ní aago mẹ́fà àárọ̀ ọ̀la, àwọ̀n mẹ́ta la máa ta, gbogbo rẹ̀ lẹ́bàá odò kékeré, lẹ́yìn tá a bá ti fi tọ́ọ̀ṣì wá ìjàlọ nílẹ̀.